Àpọ́nlé Lórí Aṣọ Funfun

Ẹrẹ̀ ti gbé táyà mọ́tò sinimá mì lọ́nà Ìlò, níbi tí kò jìnnà sí oríta Sàngó, ó sì ti rẹ àwọn ọkùnrin tí wọ́n ń tì í, nígbà tí obìnrin kan yọ lórí òkè pẹ̀lú àtẹ búrẹ́dì lórí.

Sírájúdéènì tó jókòó níwájú mọ́tò ló kọ́kọ́ rí i. Obìnrin ńlá ni. Èjìká rẹ̀ gbòòrò, apá rẹ̀ kún, ìdí rẹ̀ kún inú ìró, ara rẹ̀ dúdú, ó ń dán bíi kóró iṣin. Kò fọwọ́ di àtẹ orí rẹ̀ mú. Ó ń gbẹ́sẹ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, bí ẹni tó mọ̀ pé ibi tí òun ń lọ kò ní sá. Sírájúdéènì ti ya àwòrán ènìyàn láti Èkó títí dé Kánò, kò tíì rí ẹni tó ń rìn báyìí rí.

"Ẹ pa ẹ́ńjìnnì yẹn," obìnrin náà wí bó ti dé ọ̀dọ̀ wọn. Kò pariwo. "Bí ẹ ṣe ń tẹ̀ ẹ́ yẹn, sàréè lẹ ń gbẹ́ fún un."

Awakọ̀ pa á. Obìnrin náà gbé àtẹ rẹ̀ lé orí kùkùté igi, ó bo búrẹ́dì rẹ̀ dáadáa kí eṣinṣin má bàa bà lé e. Ó rán àwọn àgbẹ̀ méjì tó ń kọjá lọ kí wọ́n gé imọ̀ ọ̀pẹ wá, ó ní kí wọ́n tẹ́ ẹ sábẹ́ táyà. Nígbà tí wọ́n tẹ́ ẹ tán, ó ká ìró rẹ̀ dé orúnkún, ó gbé èjìká ti ẹ̀yìn mọ́tò pẹ̀lú àwọn ọkùnrin. Ó ní, "Ó yá." Gbogbo wọn tì í lẹ́ẹ̀kan náà, mọ́tò sì fò jáde bí ẹni tí wọ́n gbá létí.

Sírájúdéènì ti gbé kámẹ́rà sójú. Kò rò ó kó tó ṣe é. Ohun tí iṣẹ́ ti kọ́ ọ nìyẹn, pé bó bá rí ohun tó dára, kó gbé ojú sí ihò ẹ̀rọ. Obìnrin náà yíjú, ó rí i.

"Ẹ gbé nǹkan yẹn sílẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ wò mí, kó fi ojú tí Ọlọ́run fún un wò mí."

Ó gbé e sílẹ̀ kíákíá. "Ẹ má bínú. Ojú tí Ọlọ́run fún mi ti wò yín ná, ó ní agbára òun kò gbé e."

Àwọn ọkùnrin rẹ́rìn-ín. Obìnrin náà bẹ̀rẹ̀ kó lè gbé àtẹ rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ohun tó bẹ̀rẹ̀ fún gan-an ni kí wọ́n má rí ẹ̀rín tó wà lẹ́nu rẹ̀. Ó fa búrẹ́dì kan yọ, ó nà án sí i.

"Ẹ gbà. Ẹnu yín dùn. Ẹ jẹ́ kó rí nǹkan ṣe."

Ó gbé àtẹ rẹ̀ rorí, ó bá tirẹ̀ lọ. Sírájúdéènì mú búrẹ́dì náà lọ́wọ́ títí wọ́n fi dé Ọ̀tà, kò rántí láti jẹ ẹ́.

Ọdún 1954 ni. Sàngó kò ju oríta pẹ̀lú àtíbàbà díẹ̀ lọ nígbà náà, Ìlò sì jẹ́ oko. Ọmọ Ìsàlẹ̀ Èkó ni Sírájúdéènì, ó ti lé ní àádọ́ta ọdún, ó tẹ́ẹ́rẹ́, irun rẹ̀ ti ń funfun létí. Ìyàwó rẹ̀ ti kú tipẹ́, àwọn ọmọ rẹ̀ ti di onílé. Ilé iṣẹ́ kan ní Èkó ló ń bá ṣiṣẹ́, wọ́n ń ya sinimá tí mọ́tò ń gbé kiri ìlú àti abúlé láti fi kọ́ àwọn ènìyàn ní ìmọ́tótó àti iṣẹ́ àgbẹ̀.

Obìnrin náà ń jẹ́ Àpọ́nlé Morónfólú, ṣùgbọ́n Ìyá Ràfátù ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pè é. Opó ni òun náà. Nígbà tí Rùfáì ọkọ rẹ̀ kú, ó padà sí agboolé bàbá rẹ̀ ní Ọ̀tà, lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Kàsúmù, ó sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ mọ ààrò búrẹ́dì sẹ́yìn ilé. Láti inú ààrò yẹn ló ti fa Ràfátù lé ọkọ lọ́wọ́ ní Agége. Àwọn obìnrin ń ru búrẹ́dì rẹ̀ dé Àtàn. Bí ìjà bá ṣẹlẹ̀ láàárín ìyálé àti ìyàwó, ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni wọ́n ń gbé e wá, nítorí kì í gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni, kì í sì í tún ọ̀rọ̀ sọ níta.

Lówúrọ̀ ọjọ́ kejì, Sírájúdéènì béèrè orúkọ obìnrin náà àti ọ̀nà ilé rẹ̀ títí tó fi dé ẹnu ọ̀nà ilé ààrò. Àpọ́nlé ń po ìyẹ̀fun, apá rẹ̀ méjèèjì funfun dé ìgúnpá.

"Àsàlámù àlékùn."

"Wàálékùmù sàlámù. Ṣé mọ́tò tún ti wọlẹ̀ ni?"

"Mọ́tò wà lórí ilẹ̀. Èmi ni mo wọlẹ̀." Ó jókòó lórí àpótí tó fi hàn án. Ó sọ fún un pé àwọn fẹ́ ya sinimá tuntun ní Ọ̀tà, pé ọ̀gá òun, òyìnbó kan tó ń jẹ́ Pákínsìn, ń bọ̀ láìpẹ́, ó sì ti ní kí òun wá obìnrin kan sílẹ̀, obìnrin tó sanra dáadáa, tí ojú kì í tì.

Ọwọ́ Àpọ́nlé dúró nínú ìyẹ̀fun.

"Kí lẹ fẹ́ kó ṣe?"

"N kò tíì mọ̀. Ìtàn náà wà lọ́wọ́ ọ̀gá."

"Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo mọ̀ fún yín," Àpọ́nlé wí. "Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn tó kọjá, mọ́tò kan bíi tiyín wá sí pápá ilé ìwé. Gbogbo Ọ̀tà jáde. Obìnrin kan wà nínú sinimá yẹn, irú ara mi ló ní. Wọ́n ní kó máa jẹun. Ó jẹ tirẹ̀ tán, ó jẹ tọmọ rẹ̀. Ó wá fìdí lé àga, àga ṣẹ́. Gbogbo pápá bú sẹ́rìn-ín. Ọkùnrin kan sì kígbe láti ẹ̀yìn pé, 'Ìyá Ràfátù rèé.' Ẹ̀rín tí wọ́n rín síyẹn pọ̀ ju ti àga lọ." Ó bẹ̀rẹ̀ sí po ìyẹ̀fun rẹ̀ padà. "Mo jókòó síbẹ̀ títí wọ́n fi parí. N kò fẹ́ kí wọ́n rí ẹ̀yìn mi bí mo bá ń lọ."

Kì í ṣe Sírájúdéènì ló ya sinimá yẹn, ṣùgbọ́n ó mọ irú rẹ̀. Ó ti rẹ́rìn-ín sí irú rẹ̀ rí.

"N kò ní ya ohun tí yóò dójú tì yín," ó wí. "Bó jẹ́ èmi ni mo di kámẹ́rà mú, kò ní ṣẹlẹ̀, Àpọ́n..." Ojú sì tì í pé òun fẹ́ gé orúkọ obìnrin tí òun ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ kúrú.

Àpọ́nlé wò ó, ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ pe orúkọ mi pé. Bí ẹ bá gé e, àpọ́n ló kù, ìyẹn sì jọ tiyín jù."

Láti ọjọ́ yẹn ló ti ń yà síbẹ̀ láràárọ̀. Ó ní búrẹ́dì ni òun ń rà. Àwọn obìnrin ilé ààrò mọ̀ pé ènìyàn kan ṣoṣo kò lè jẹ búrẹ́dì tó bẹ́ẹ̀. Ó ń bá wọn gbé igi iná, kò mọ̀ ọ́n gbé, Àpọ́nlé a sì máa wò ó tẹ̀rín-tẹ̀rín.

"Bàbá Aláwòrán, ẹ rọra. Igi yẹn sanra jù yín lọ."

"Ohun tó sanra kì í bà mí lẹ́rù."

"Mo ti rí i bẹ́ẹ̀."

Nígbà mìíràn wọ́n á jókòó sábẹ́ igi àgbálùmọ̀ ẹ̀yìn ilé, ó á máa sọ fún un nípa ìmọ́lẹ̀, bí ti òwúrọ̀ ṣe ń fi ojú ènìyàn hàn bó ti rí, tí ti ọ̀sán sì ń parọ́ mọ́ ọn. Àpọ́nlé náà á sọ nípa Rùfáì fún un, bí ọkùnrin náà ṣe dára tó, bí ilé ṣe dákẹ́ tó lẹ́yìn rẹ̀. Kò sí ẹni tó ti bi í léèrè ọ̀rọ̀ yẹn láti ọdún pípẹ́. Àwọn ènìyàn máa ń rò pé obìnrin tó rí gbàgìdì bẹ́ẹ̀ kì í sunkún.

Lọ́jọ́ kan Sírájúdéènì ní, "Ẹ jẹ́ kí n yà yín. Kì í ṣe fún ọ̀gá. Fíìmù díẹ̀ ṣẹ́kù lọ́wọ́ mi. Ẹ jẹ́ kí n yà yín bí mo ṣe ń rí yín."

Àpọ́nlé ronú sí i. "Èmi ni n ó kọ́kọ́ wò ó. Kí ẹnikẹ́ni tó wò ó láyé yìí, kí n ti wò ó."

"Mo gbà."

"Kí ni kí n ṣe?"

"Ohun tí ẹ máa ń ṣe."

Ó yà á lówúrọ̀ kùtùkùtù, nígbà tí oòrùn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ àárín ààrò àti ògiri. Ó yà á bó ti ń ṣí ẹnu ààrò, bó ti ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ wò bí iná ṣe gbóná tó, bó ti ń bá àwọn obìnrin sọ̀rọ̀, bó ti ń gbé àtẹ rorí tó sì ń rìn lọ sójú títì. Nígbà tó gbé kámẹ́rà sílẹ̀, ó ṣì ń wo ojú títì tí obìnrin náà ti gbà lọ. Mùíbátù, ọmọbìnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, tí òun náà sanra, tó sì máa ń tẹ èjìká bí ẹni tó fẹ́ sá pamọ́ sínú ara rẹ̀, ni ó rí i. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni.

Ọ̀gá Pákínsìn dé ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e. Ó ka ìtàn sinimá tuntun náà fún Sírájúdéènì nínú ilé àlejò tí wọ́n fi wọ́n wọ̀ sí. Ìyàwó méjì ló wà níbẹ̀. Ọ̀kan jẹ́ ọ̀dọ́, ó tẹ́ẹ́rẹ́, wọn yóò mú un wá láti Èkó, òun ni Ìyá Onímọ́tótó. Èkejì ni Ìyá Ọ̀bùn. Ó sanra, ó ń sùn sójú oúnjẹ, eṣinṣin ń bà lé ọbẹ̀ rẹ̀, níkẹyìn ó ṣubú sínú ọ̀gọ̀dọ̀.

"Ṣé o ti rí obìnrin tí mo ní kí o wá?" Pákínsìn béèrè.

"Mo ti rí i, sà. Kò yẹ kó ṣe èyí."

"Kí ló dé?"

"Nítorí pé irọ́ ni, sà. Obìnrin tó mọ́ jù lọ tí mo ti rí ní Ọ̀tà ló tóbi jù lọ níbẹ̀. Mi ò lè ya èyí."

Pákínsìn kì í ṣe ènìyàn burúkú. Ó ti rí i pé àwọn ènìyàn máa ń rẹ́rìn-ín sí irú nǹkan bẹ́ẹ̀, ó sì gbà pé bí wọ́n bá rẹ́rìn-ín, wọn yóò rántí ẹ̀kọ́. Ṣùgbọ́n kò fẹ́ kí ẹni tó wà lábẹ́ òun sọ fún òun ohun tí yóò ṣe. Ó ní kí Sírájúdéènì kó ẹrù rẹ̀, kó bá lọ́rì ọ̀sán padà sí Èkó. Òun yóò wá ẹlòmíràn tí yóò di kámẹ́rà mú.

Sírájúdéènì sáré lọ sí agboolé Morónfólú kí lọ́rì tó gbéra. Àpọ́nlé ti lọ sí Àtàn. Kàsúmù ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló bá lẹ́nu ọ̀nà, ọkùnrin gíga kan tó ń rán aṣọ, téèpù lọ́rùn. Gbogbo ohun tó ń lọ ní ilé ààrò ti dé etí rẹ̀, ó sì ti gbọ́ irú obìnrin tí àwọn onísinimá ń wá.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi sọ fún un pé wọ́n ní kí n padà sí Èkó, pé kì í ṣe pé mo sá. Ẹ ní n ó padà wá."

"Mo gbọ́," Kàsúmù wí. Ó tilẹ̀kùn.

Kò sọ fún un.

Àpọ́nlé dé láti Àtàn, ó gbọ́ pé Bàbá Aláwòrán ti lọ. Ó po ìyẹ̀fun lọ́jọ́ kejì títí àwọn obìnrin fi ń wo ara wọn lójú. Wọ́n gbé àpótí tí ọkùnrin náà máa ń jókòó lé sọ́ọ̀kán, ó ní kí wọ́n gbé e padà síbi tó wà. Lẹ́yìn náà ó ní kí wọ́n gbé e kúrò.

Ọjọ́ díẹ̀ kọjá, Pákínsìn fúnra rẹ̀ wá sí ilé ààrò pẹ̀lú ògbufọ̀ kan tó ń jẹ́ Láwàlì. Láwàlì túmọ̀ ìtàn Ìyá Ọ̀bùn fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ohùn rẹ̀ sì ń lọlẹ̀ bó ti ń túmọ̀ rẹ̀ lọ.

Àpọ́nlé gbọ́ ọ tán. Ó nu ọwọ́ rẹ̀. "Ẹ bá mi kí ọ̀gá. Ẹ sọ fún un pé mo dúpẹ́ pé ó wá fúnra rẹ̀. N kò ní ṣe é. Ẹ sọ fún un pé ara tí mo gbé rù yìí, mo fi tọ́mọ, mo fi sin ọkọ, mo fi ń bọ́ ilé yìí. Kì í ṣe ohun tí wọ́n ń fi ṣubú sínú ọ̀gọ̀dọ̀."

Nígbà tí wọ́n ń lọ, Láwàlì fà sẹ́yìn. "Ìyá, ẹ̀yin nìkan kọ́ lẹ kọ̀ ọ́. Sírájúdéènì kọ̀ láti yà á, ìyẹn ni wọ́n ṣe lé e padà sí Èkó."

Àpọ́nlé lọ bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ.

"Ẹ̀gbọ́n, ǹjẹ́ ó wá síbí kó tó lọ?"

Kàsúmù kò gbójú sókè. "Ó wá. Ó ní òun kò sá, òun yóò padà wá."

"Ẹ sì dákẹ́."

"Mo dákẹ́." Ó yọ téèpù lọ́rùn, ó ń ká a mọ́ ìka. "Àpọ́nlé, ọjọ́ tí wọ́n pe orúkọ rẹ lórí pápá, mo wà níbẹ̀. Mo gbọ́ ẹ̀rín yẹn. Mo wá ẹni tó kígbe, n kò rí i nínú òkùnkùn. Ọ̀rọ̀ yẹn ṣì wà láyà mi. N kò fẹ́ kí onísinimá kankan tún sún mọ́ ọ."

Inú ti ń bí Àpọ́nlé nígbà tó ń bọ̀, ṣùgbọ́n kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ẹ̀gbọ́n òun wà lórí pápá lọ́jọ́ yẹn. Ó jókòó tì í.

"Ó dáa," ó wí. "Ṣùgbọ́n bó bá padà wá, èmi ni n ó ṣílẹ̀kùn."

Pákínsìn wá obìnrin ní Àtàn, kò rí. Ó wá a ní Ìlò, kò rí. Àwọn tó ń ru búrẹ́dì ti gbé ọ̀rọ̀ Àpọ́nlé kiri, kò sì sí obìnrin kan tó fẹ́ ṣe Ìyá Ọ̀bùn, ì báà ṣe èyí tó sanra, ì báà ṣe èyí tó pẹ́lẹ́ńgẹ́. Ó padà sí Èkó pẹ̀lú àpótí fíìmù tí wọn kò ṣí. Ibẹ̀ ni ẹnìkan ti sọ fún un pé Sírájúdéènì fọ fíìmù kan tó yà ní Ọ̀tà, ó sì gbé e sínú àpótí, kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni wò ó.

"Fi hàn mí," Pákínsìn wí.

"N kò lè fi hàn yín, sà. Mo ti ṣèlérí pé ẹni tí mo yà ni yóò kọ́kọ́ wò ó."

Pákínsìn wò ó títí. Ó ti bínú kúrò ní Ọ̀tà, kò sì ní nǹkan kan tí yóò fi han àwọn tó rán an níṣẹ́. "Níbo lobìnrin náà wà?"

"Ẹ mọ ilé rẹ̀, sà. Ẹ ti débẹ̀."

Bí mọ́tò sinimá ṣe tún gba ọ̀nà Ọ̀tà nìyẹn, òyìnbó níwájú, Sírájúdéènì lẹ́yìn pẹ̀lú ẹ̀rọ. Àpọ́nlé fúnra rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn. Ó wò ó láti orí dé ẹsẹ̀.

"Ẹ ti rù sí i."

"Kò sí búrẹ́dì ní Èkó."

"Irọ́ ni. Búrẹ́dì kún Èkó."

"Kò sí irú èyí tí mo ń jẹ."

Kàsúmù dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó dijú pọ̀. Àpọ́nlé yíjú sí i. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ kí wọ́n wọlé. Bí ohun tí mo bá rí bá bà mí nínú jẹ́, ẹ̀yin ni kẹ́ ẹ lé wọn jáde."

Lẹ́yìn ìrun mọ̀gàríbì, wọ́n ta aṣọ funfun sára ògiri àgbàlá. Ràfátù ti dé láti Agége. Àwọn obìnrin ilé ààrò jókòó sórí ẹní, Kàsúmù jókòó sórí àga tirẹ̀, Pákínsìn dúró lẹ́yìn lọ́hùn-ún. Àpọ́nlé jókòó síwájú gbogbo wọn. Ó ti wé gèlè, ó gbé ọwọ́ méjèèjì lé orúnkún, Sírájúdéènì sì rí i pé ó di orúnkún náà mú pinpin.

Ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í kùn. Ìmọ́lẹ̀ bọ́ sára aṣọ.

Obìnrin kan ń ṣí ẹnu ààrò. Èéfín yọ, ó fẹ́ kọjá lójú rẹ̀, kò sì yẹra. Oòrùn òwúrọ̀ wà ní ẹ̀gbẹ́ ọrùn rẹ̀ àti lórí apá rẹ̀ tó kún. Ó yíjú, ó sọ nǹkan kan fún ẹnìkan, gbogbo àwọn tó yí i ká sì dáhùn pẹ̀lú ẹ̀rín, wọ́n ń wò ó bí ènìyàn ṣe ń wo ẹni tó fọkàn tán. Ó bo búrẹ́dì rẹ̀. Ó gbé àtẹ rorí. Ó yí ẹ̀yìn sí wọn, ó ń lọ, ara rẹ̀ ń mì jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, ọrùn rẹ̀ dúró ṣánṣán, títí ọ̀nà fi gbà á lọ.

Ẹnikẹ́ni kò rẹ́rìn-ín.

"Èmi nìyẹn?" Àpọ́nlé béèrè, ohùn rẹ̀ lọlẹ̀.

"Ẹ̀yin ni," Sírájúdéènì dáhùn.

"N kò mọ̀ pé bí mo ṣe ń rìn nìyẹn."

Kàsúmù ló sọ̀rọ̀. Ó ti dìde lórí àga rẹ̀ láìmọ̀. "Bí Ìyá wa ṣe máa ń rìn nìyẹn," ó wí. "Bó bá ń ti odò bọ̀. Àpọ́nlé, bó ti ń rìn gan-an nìyẹn. Mo ti gbàgbé." Ó fi ọwọ́ nu ojú rẹ̀. "Ẹ tún un ṣe. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un ṣe ká wò ó."

Wọ́n tún un ṣe. Ràfátù fi orí lé èjìká ìyá rẹ̀. Nígbà tí iná tún tàn, Pákínsìn wá síwájú, ó sì bọ́ fìlà rẹ̀. Ó sọ̀rọ̀ díẹ̀ ní Gẹ̀ẹ́sì, Sírájúdéènì túmọ̀ rẹ̀. Ó ní sinimá tí òun ń wá kiri ló wà nínú àpótí yẹn, pé òun fẹ́ kí ó jẹ́ obìnrin tí yóò kọ́ àwọn yòókù ní ìmọ́tótó, nínú ilé ààrò rẹ̀, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀.

"Àti Ìyá Ọ̀bùn ńkọ́?" Àpọ́nlé béèrè. "Ẹ sọ fún un pé bí wọ́n bá yọ èmi kúrò níbẹ̀, tí wọ́n wá fi obìnrin mìíràn síbẹ̀, n kò ṣe."

Pákínsìn ní wọn yóò yọ ọ́ pátápátá.

Nígbà tí àwọn yòókù ń jẹun nínú ilé, Sírájúdéènì ń ká wáyà rẹ̀ nítòsí ògiri. Àpọ́nlé wá jókòó sórí àpótí ẹ̀rọ. Ó ní kò sí ẹni tó ní kó jókòó síbẹ̀, òun kàn fẹ́ sinmi ẹsẹ̀ ni.

"Mo ní ọ̀rọ̀ kan láti bá yín sọ," ọkùnrin náà wí.

"Ẹ kọ́kọ́ yé sọ 'ẹ' sí mi. Ẹ jù mí lọ, ó sì ti ṣe díẹ̀ tí a ti mọra."

Ó fi wáyà sílẹ̀. Ó kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀ bí ẹni tó fẹ́ tú okùn àpótí, kò sì tú nǹkan kan. "Àpọ́nlé, fẹ́ mi."

Ó wò ó pẹ́. "Èwo lẹ fẹ́? Àpọ́nlé orí aṣọ funfun, àbí èyí tó jókòó yìí, tí orúnkún ń dùn bí òjò bá ṣú, tó máa ń hanrun?"

"Èyí tí orúnkún ń dùn. Ti orí aṣọ yẹn, kò bá mi sọ̀rọ̀ rí."

"Ẹ ó padà sí Èkó."

"N ó máa lọ ṣiṣẹ́, n ó sì máa padà wálé. Ibi tí o bá wà ni ilé."

Àpọ́nlé gbé ọwọ́ rẹ̀ ńlá lé e lórí, lórí irun funfun ẹ̀gbẹ́ etí, ó gbé e síbẹ̀. "Ẹ lọ bá ẹ̀gbọ́n mi sọ̀rọ̀," ó wí. "Ẹ má sì jẹ́ kó fi téèpù wọ̀n yín, ẹ ti rù jù."

Kàsúmù kò mú un rọrùn fún un. Ó ní kó mú àwọn ẹbí rẹ̀ wá láti Ìsàlẹ̀ Èkó, wọ́n wá. Ó ní kó máa bá àwọn kírun ní mọ́sáláṣí Ọ̀tà kí àwọn àgbà lè mọ̀ ọ́n, ó ń bá wọn kírun. Nígbà tó yá, Kàsúmù fúnra rẹ̀ rán agbádá kan fún un, ó ní aṣọ Èkó tó ń wọ̀ kò kún ojú.

Wọ́n ya sinimá náà, wọ́n sì gbé e wá sí pápá ilé ìwé nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Àpọ́nlé ń sọ̀rọ̀ lórí aṣọ ńlá, ó ga ju ilé lọ, ohùn rẹ̀ tí Ọ̀tà mọ̀ kún inú pápá. Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín nígbà tó dá àpárá, nítorí pé àpárá náà dùn. Àwọn àgbààgbà obìnrin ń mi orí. Lówúrọ̀ ọjọ́ kejì, Mùíbátù wọ ilé ààrò, ó na èjìká rẹ̀ sẹ́yìn, ó ń rìn jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Àpọ́nlé rí i, ó gbé àtẹ tó tóbi jù fún un.

Ọjọ́ Jímọ̀ ni wọ́n so yìgì wọn, lẹ́yìn ìrun, nínú àgbàlá kan náà. Ẹní ni wọ́n tẹ́, ènìyàn kò pọ̀. Kàsúmù jókòó gẹ́gẹ́ bí alágbàtọ́ ìyàwó. Àfáà béèrè lọ́wọ́ Sírájúdéènì, ó dáhùn. Ó béèrè lọ́wọ́ Kàsúmù, ó dáhùn. Ó wá yíjú sí Àpọ́nlé, tó jókòó láàárín àwọn obìnrin pẹ̀lú ìborùn funfun.

Àwọn ìyá tó yí i ká ti ń mi orí, wọ́n ń sọ fún un wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ pé kó dákẹ́, pé ìyàwó kì í fèsì, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ rẹ̀ ni ìdáhùn.

Àfáà gbọ́ wọn. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Ti wúńdíá nìyẹn," ó wí. "Wúńdíá ló ń dákẹ́, tí a ó gbà pé ó ti gbà. Obìnrin tó ti gbélé ọkọ rí, tó mọ ohun tí ilé ọkọ jẹ́, ẹnu ara rẹ̀ ni ẹ̀sìn ní kó fi sọ ọ́."

Sírájúdéènì gbójú sókè.

Àpọ́nlé sún ìborùn rẹ̀ sẹ́yìn díẹ̀ kí gbogbo wọn lè rí ojú rẹ̀, ó sì sọ ọ́ ketekete, bí ẹni tí kò yá ohùn lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

"Mo fẹ́ ẹ."